Ẹ Wo Nọ́ńbà Kí Ẹ Tó Sanwó

(Ọ̀rọ̀ tí olùdarí ẹ̀ka ọ̀dọ́ sọ níbi ìpàdé ìdílé ńlá wa lásìkò ìsinmi. A tẹ̀ ẹ́ síbí fún àwọn tí kò ráyè wá, àti fún àwọn ọmọ ìlú tó wà lókè òkun.)

   

Ọ̀rọ̀ géèmù ni mo gbé wá. Mo mọ̀ pé bí mo ṣe dárúkọ géèmù báyìí, àwọn àgbà kan ti ń mi orí: "Ọmọ yunifásítì, ìpàdé ìlú, ọ̀rọ̀ eré ọmọdé ló rí sọ?" Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fún mi ní ìṣẹ́jú díẹ̀. Owó yín wà nínú ọ̀rọ̀ yìí. Ìbànújẹ́ ọmọ kan náà wà nínú rẹ̀, èmi gan-an ni mo sì fà á.

OHUN TÓ ṢẸLẸ̀

Ọmọkùnrin kan wà ní àdúgbò wa, ọmọ ọdún mẹ́tàlá. Àǹtí rẹ̀ tó wà ní Lọ́ńdọ̀nù fi PSP kan ránṣẹ́ sí i lọ́wọ́ ẹni tó ń bọ̀ wálé. Tòkunbọ̀ ni, ṣùgbọ́n ó mọ́ tónítóní. Àwo géèmù kan ṣoṣo ló bá a wá. Ọmọ yìí ta á títí ó fi fẹ́rẹ̀ẹ́ lè fi ojú dídì ta á. Ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í tọ́jú owó. Ó ń bá ìyá rẹ̀ ru ata lọ sọ́jà, ìyẹn sì ń fún un ní nǹkan díẹ̀díẹ̀. Nígbà tí owó náà pé, ó rán ẹnì kan tó ń lọ sí ìgboro kó bá òun ra àwo géèmù bọ́ọ̀lù.

Àwo dé. Ó tì í bọ inú ẹ̀rọ. Dípò kí pápá bọ́ọ̀lù yọ, ọ̀rọ̀ òyìnbó ló yọ sójú rẹ̀, pé àfi kí wọ́n kọ́kọ́ ṣe update sọ́fítíwià ẹ̀rọ náà. Ọmọ yìí rò pé wọ́n ti ta àwo tó bàjẹ́ fún òun. Ó gbé e wá bá mi nílé, torí gbogbo àdúgbò ló mọ̀ pé "àǹtí yẹn ń kọ́ ẹ̀kọ́ kọ̀ǹpútà."

Ẹ wo ohun tí èmi akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ǹpútà ṣe. Mi ò wo nọ́ńbà tó wà lórí ẹ̀rọ náà. Mi ò béèrè bí bátìrì rẹ̀ ṣe pẹ́ tó. Mo kàn sọ pé, "Kò tó nǹkan, jókòó síbẹ̀." Iná wà, mo ki ṣáájà bọ sọ́kẹ́ẹ̀tì. Àmì bátìrì ń sọ pé ó kún. Mo tẹ̀ ẹ́ pé kó máa lọ. Ó ń lọ, ó ń lọ, ó ti rìn ju ìdajì lọ, ni iná bá lọ. Ẹ̀rù ò tiẹ̀ bà mí, mo ní ṣebí bátìrì kún. Àṣé bátìrì ọlọ́jọ́ pípẹ́ ni, ẹnu rẹ̀ ló kún, inú rẹ̀ ṣófo. Kí n tó ṣẹ́jú, ojú ẹ̀rọ ti ṣú.

Látìgbà náà, bí a bá tàn án, iná aláwọ̀ ewé rẹ̀ á tàn fírí, á sì kú. Ọmọ yẹn ò pariwo. Ó kàn wò mí, ó ní, "Àǹtí, ṣé ó ti kú ni?" Mi ò rí èsì fún un. Títí di òní olónìí, mi ò mọ nọ́ńbà tó wà lórí ẹ̀rọ náà kí n tó pa á.

Mo gbé e lọ sọ́dọ̀ atúnṣe ní ìgboro. Ó yẹ̀ ẹ́ wò, ó ní PSP-3000 ni, òun ò lè jí i. Mo fi owó tí mo fi ń jẹun níléèwé kún owó tí mo rí níbi tí mo ti ń bá àwọn èèyàn tẹ iṣẹ́, mo sì ti ra òmíràn fún un. Lójú ìyá rẹ̀ ni mo ti gbé e lé e lọ́wọ́ lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ibi tó bá eré dé lórí géèmù àkọ́kọ́ kò tiẹ̀ sọnù, torí inú mẹ́mórì káàdì ló wà, kì í ṣe inú ẹ̀rọ. Ìyẹn ló mú kó rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n mi ò fẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà parí sáàárín àwa méjèèjì. Mo ti rí i pé PSP ń wọ ìlú wa lọ́dọọdún látọwọ́ àwọn èèyàn wa lókè òkun, ọ̀pọ̀ ló sì ń bà jẹ́ lọ́nà kan náà.

NỌ́ŃBÀ WO NI MO Ń SỌ?

Iléeṣẹ́ Sony ló ṣe PSP. Ó kọ́kọ́ jáde ní Japan ní ọjọ́ 12 oṣù Kejìlá ọdún 2004. Ó dé Amẹ́ríkà ní oṣù Kẹta ọdún 2005, ó sì dé Yúróòpù ní oṣù Kẹsàn-án ọdún kan náà. Àwo kékeré kan tí wọ́n fi ike bò, tí wọ́n ń pè ní UMD, ni wọ́n ń ta géèmù rẹ̀ sínú rẹ̀.

Ètò kan wà nínú ẹ̀rọ yìí tó ń darí gbogbo nǹkan. Òun ló ń tan ojú rẹ̀, tó ń ka àwo, tó ń tọ́jú ibi tí ọmọ bá eré dé, tó sì ń wá Wi-Fi. Òun ni sọ́fítíwià ẹ̀rọ. Sony ń tún un ṣe látìgbàdégbà, wọ́n sì ń fún ẹ̀dà kọ̀ọ̀kan ní nọ́ńbà. Èyí tó bá ẹ̀rọ àkọ́kọ́ wá ní Japan jẹ́ 1.00. Ti Amẹ́ríkà bẹ̀rẹ̀ láti 1.50. Láàárín ọdún 2005 náà ni 2.00 jáde, òun ló kọ́kọ́ mú kí èèyàn lè fi PSP ṣí íntánẹ́ẹ̀tì. Bó ṣe ń gòkè nìyẹn títí dé 6.60 ní ọdún 2011, àti 6.61 ní oṣù Kìíní ọdún 2015. Ibẹ̀ ló dúró sí, kò tún sí òmíràn mọ́.

Ẹ̀yin ìyá wa, ẹ jẹ́ kí n fi ọ̀rọ̀ ilé ṣàlàyé rẹ̀. Bí àlejò bá wọlé yín, kì í fúnra rẹ̀ wọ kíṣíìnì. Ọmọ ilé ló máa rán: "Bá mi bu omi wá. Bá mi gbé àga." Géèmù ni àlejò, sọ́fítíwià ẹ̀rọ ni ọmọ ilé. Àlejò àná béèrè omi àti àga, ọmọ ilé mọ ibi tí wọ́n wà. Àlejò òní dé, ó ní kí ọmọ náà bá òun so fóònù mọ́ Wi-Fi. Bí ẹnikẹ́ni ò bá tíì kọ́ ọmọ yẹn, àlejò há sẹ́nu ọ̀nà nìyẹn. Kíkọ́ tí a kọ́ ọmọ ilé ní ohun tuntun, òun là ń pè ní update.

Nítorí náà, gbogbo àwo géèmù ló ní nọ́ńbà tó kéré jù tó lè bá ṣiṣẹ́. Àwọn tó ṣe é kọ ọ́ sínú àwo náà gan-an. Fáìlì kékeré kan wà níbẹ̀ tó ń jẹ́ PARAM.SFO, ìlà kan nínú rẹ̀ sì ń jẹ́ PSP_SYSTEM_VER. Ẹ̀rọ á ka ìlà yẹn kó tó jẹ́ kí géèmù bẹ̀rẹ̀. Bí nọ́ńbà ẹ̀rọ bá ga ju èyí tí géèmù béèrè, tàbí kí wọ́n jọra, ọ̀nà là. Bí ti ẹ̀rọ bá kéré, kò ní ṣí, ó di dandan kí ẹ ṣe update. Àwo tí ẹ̀rọ kọ̀ báyìí kò bàjẹ́ o! Ẹ má tíì lọ bá ẹni tó tà á jà.

Ẹ̀yin àbúrò mi, ẹ fetí sí èyí náà. Kò sí ààlà orílẹ̀-èdè lórí àwo géèmù PSP. Àwo tí wọ́n rà ní Japan lè ṣiṣẹ́ nínú ẹ̀rọ tó ti Lọ́ńdọ̀nù wá, bó tilẹ̀ jẹ́ pé èdè Japan lẹ máa bá nínú rẹ̀. Nọ́ńbà ló ń ṣọ́ ẹnu ọ̀nà, kì í ṣe ìlú tí ẹ ti rà á.

KÍ LÓ DÉ TÍ WỌ́N Ń YÍ I PADÀ?

Ìdí méjì ni. Èkíní ni èyí tí mo ti sọ, pé géèmù tuntun ń béèrè ohun tuntun. Èkejì ni pé Sony ń fi update ti ilẹ̀kùn. Láti ọdún 2005 ni àwọn kan ti rí ihò lára sọ́fítíwià náà, tí wọ́n ń gbabẹ̀ fi ètò tí àwọn fúnra wọn kọ sínú PSP. Àwọn kan nínú wọn kọ ètò tó wúlò. Àwọn mìíràn ń gbabẹ̀ ta géèmù tí wọn ò rà. Bí Sony bá ti dí ihò kan, wọ́n á rí òmíràn.

Nítorí náà, àwọn tó fẹ́ràn 1.50 kì í fẹ́ kúrò lórí rẹ̀. Ṣùgbọ́n géèmù tuntun ń jáde. Nígbà tí Grand Theft Auto: Liberty City Stories jáde ní ìparí ọdún 2005 (kì í ṣe géèmù ọmọdé o, ẹ̀yin òbí), 2.00 ló béèrè. Ẹni tó bá fẹ́ ta á ní láti gòkè, ẹni tó bá sì gòkè kò lè sọ̀ kalẹ̀ nírọ̀rùn. Bẹ́ẹ̀ ni nǹkan yìí rí títí di òní. Láti kékeré lọ sí ńlá, ọ̀nà wà. Láti ńlá padà sí kékeré, Sony ò la ọ̀nà kankan.

Àwọn oníjìbìtì mọ èyí. Ní oṣù Kẹwàá ọdún 2005, ètò kan gba orí íntánẹ́ẹ̀tì kan, wọ́n ní ó máa sọ PSP kalẹ̀ láti 2.00 padà sí 1.50. Irọ́ ni. Ńṣe ló ń pa àwọn fáìlì tí ẹ̀rọ fi ń dìde rẹ́. Ẹni tó bá tẹ̀ ẹ́, ẹ̀rọ rẹ̀ di òkúta. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún yín pé òun á "sọ ọ́ kalẹ̀" fún yín lójú ọ̀nà o.

KÍ LÓ DÉ TÓ FI Ń KÚ?

Bí ẹ̀rọ bá ń ṣe update, ó ń yọ ètò àtijọ́ kúrò, ó ń kọ tuntun síbẹ̀. Ó dà bí ìgbà tí a ń pààrọ̀ òpó ilé. Bí a bá ti yọ òpó àtijọ́, tí a ò tíì ri tuntun mọ́lẹ̀, tí òjò wá dé, òrùlé á wó. Iná tó lọ láàárín kan ni òjò yẹn. Ìdí nìyí tí Sony fi ní kí bátìrì kún, kí ṣáájà sì wà lára ẹ̀rọ pẹ̀lú, kí ẹnikẹ́ni má sì pa á títí yóò fi parí. Méjèèjì papọ̀ ni o. Mo fọkàn tán ọ̀kan, ọ̀kan sì já mi kulẹ̀.

Ní ọdún 2007, àwọn kan rí ọgbọ́n kan tí wọ́n pè ní bátìrì Pandora, tó lè jí PSP àkọ́kọ́ tó kú lọ́nà yìí. Ṣùgbọ́n Sony ti dí ọ̀nà náà nígbà tí PSP-3000 fi máa jáde ní ọdún 2008. Ẹ̀rọ ọmọ yẹn kò sì rí ọgbọ́n yẹn lò.

OHUN TÍ MO FẸ́ KÍ Ẹ MÁA ṢE

Ẹni tó bá fẹ́ ra PSP tàbí àwo rẹ̀, kó fi nǹkan márùn-ún yìí sọ́kàn.

1. Ẹ wo nọ́ńbà kí owó tó kúrò lọ́wọ́ yín. Ẹ ní kí ẹni tó ń tà á tan ẹ̀rọ. Ẹ lọ sí Settings, ẹ ṣí System Settings, ẹ wo System Information. Nọ́ńbà wà níbẹ̀. Bó bá jẹ́ 6.60 tàbí 6.61, kò sí àwo géèmù PSP tí Sony fọwọ́ sí tó máa tún béèrè ohun tó jù bẹ́ẹ̀ lọ lọ́wọ́ yín.

2. Bí ẹ bá rí lẹ́tà lẹ́yìn nọ́ńbà náà, bí àpẹẹrẹ 6.60 PRO, ọwọ́ ẹlòmíràn ti wọ ẹ̀rọ náà. Ẹ má tẹ update kankan lórí rẹ̀ láìkọ́kọ́ béèrè lọ́wọ́ ẹni tó mọ̀ ọ́n.

3. Ẹ wo ẹ̀yìn páálí àwo. Níbi tí àwọn lẹ́tà wẹ́wẹ́ wà ni wọ́n sábà máa ń kọ ọ́ sí bí ó bá nílò update. Ẹ sì jẹ́ kó yé yín pé update náà sábà máa ń wà nínú àwo yẹn fúnra rẹ̀. Sony mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo ilé ló ní íntánẹ́ẹ̀tì. Ẹni tó bá ní kí ẹ san owó dátà kí òun tó lè ṣe é, ẹ kọ́kọ́ wo àwo tó wà lọ́wọ́ yín.

4. Ẹ mọ irú ẹ̀rọ tí ẹ ń rà. PSP Go tó jáde ní ọdún 2009 kò ní ibi tí wọ́n ń ti àwo bọ̀. Ẹni tó ra àwo fún un ti fi owó ṣòfò. PSP-E1000 tó jáde ní 2011 ń gba àwo, ṣùgbọ́n kò ní Wi-Fi, torí náà inú àwo tàbí lára kọ̀ǹpútà ló ti máa gba update.

5. Ẹ dán bátìrì wò kí ẹ tó ṣe update. Ẹ yọ ṣáájà, ẹ fi ẹ̀rọ ta géèmù fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Bí ó bá kú kó tó pé bẹ́ẹ̀, ẹ ra bátìrì mìíràn ná. Owó bátìrì kò tó owó ẹ̀rọ.

Ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n wa lókè òkun, ẹ̀bẹ̀ kan ṣoṣo ni mo ní sí yín. Kí ẹ tó di PSP sínú báàgì fún ọmọ yín tàbí àbúrò yín, ẹ bá wa gbé e dé 6.60 tàbí 6.61 níbẹ̀, níbi tí iná kì í ti í ṣẹ́jú. Iṣẹ́ tí kò gbà ju ìṣẹ́jú díẹ̀ lọ lọ́dọ̀ yín ló ń di ewu lọ́dọ̀ wa. Ẹ wo ẹ̀yìn bátìrì náà. Bó bá ti wú, ẹ má fi ránṣẹ́.

Ẹ̀yin àgbà, mo mọ̀ pé ẹ ṣì ń wò mí pé géèmù ni. Ẹ yọ fóònù yín jáde. WhatsApp tí ẹ fi ń gba ìròyìn ẹgbẹ́ yìí ti fi àwọn fóònù tó ń lo Android 4 sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan náà ni: ẹni tí nọ́ńbà rẹ̀ kò tó, ilẹ̀kùn á tì í síta. Ọmọ tó bá ti kọ́ láti ara PSP pé kí òun wo nọ́ńbà kí òun tó sanwó, ẹnikẹ́ni ò ní ta fóònù àtijọ́ fún un lọ́la kó wá sọ pé tuntun ni. Èyí ni mo ṣe gbé ọ̀rọ̀ eré wá síwájú yín.

Ohun tí ẹ̀ka ọ̀dọ́ ti fẹnu kò sí nìyí. Láti Sátidé tó ń bọ̀, a ó máa jókòó ní gbọ̀ngàn ìlú láti agogo mẹ́wàá àárọ̀ sí agogo méjì ọ̀sán, níbi tí ẹgbẹ́ gbé sólà sí. Ọmọ tó bá ní PSP tàbí irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀, kó gbé e wá. A ó bá a wo nọ́ńbà, a ó dán bátìrì rẹ̀ wò, bó bá sì nílò update, a ó ṣe é lórí sólà. A ò ní gba kọ́bọ̀. Ìwé kan máa wà níbẹ̀ tí a ó kọ nọ́ńbà ẹ̀rọ sí kí ọwọ́ ẹnikẹ́ni tó kàn án, lójú ẹni tó ni ín. Èmi ni mo ní kí a máa kọ ọ́, ẹ sì mọ ìdí rẹ̀.

Ọmọkùnrin yẹn wà níbí lónìí. Mi ò ní dárúkọ rẹ̀, ojú á tì í. Mo ti bẹ̀ ẹ́ nílé, mo tún ń bẹ̀ ẹ́ níwájú gbogbo ìlú. Ó ti gbà láti máa bá wa jókòó ní gbọ̀ngàn lọ́jọ́ Sátidé. Ó ní òun lòun á máa wo bátìrì, torí òun ò gbẹ́kẹ̀ lé mi mọ́ níbẹ̀. Ó jàre.